Ìyá Àgbà Mi, Akẹ́kọ̀ọ́ Ewúrẹ́

Ẹ má wulẹ̀ fi ẹkún kí mi o. Ìyá tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ wọn yìí kò gba ti ẹkún rárá. Wọ́n ní ẹni tó bá ń sunkún, imú rẹ̀ á dí, ẹni tí imú rẹ̀ bá sì ti dí, kò mọ ohun tó ń bọ̀ wá bá a mọ́. Lọ́jọ́ tí ọ̀rẹ́ wọn kan kú ládùúgbò wa, tí gbogbo obìnrin ń da omi lójú pòròpòrò, Ìyá Àgbà ṣáà gbé imú sókè láàárín wọn. Wọ́n fà á lẹ́ẹ̀kan, wọ́n fà á lẹ́ẹ̀kejì, wọ́n wá fẹnu sí mi létí: "Múínà, ìrẹsì àwọn èèyàn yìí ti ń jó lẹ́yìnkùlé. Sáré lọ bá wọn yọ iná ìdí ẹ̀." Mo sáré débẹ̀, ìdí ìkòkò ti dúdú kirikiri.

Gbogbo Ìwéré-Ilé ló mọ̀ wọ́n sí Ìyá Ràṣídì. Ràṣídì ni àkọ́bí wọn, ẹni tí àwa ọmọ ilé ń pè ní Bàbá Ìbàdàn nítorí pé Ìbàdàn ni wọ́n ń gbé. Bàbá tèmi ni wọ́n bí tẹ̀lé e. Ọ̀dọ̀ Ìyá Àgbà ni mo ti kọ́ṣẹ́ aṣọ rírán, ibẹ̀ ni mo ti ṣe fírídọ̀ọ̀mù, ọ̀dẹ̀dẹ̀ wọn náà ni mo gbé máṣíìnì mi kalẹ̀ sí. Ìdí nìyẹn tí mo fi mọ àṣírí tí ẹlòmíì kò mọ̀. Ìyá Àgbà kò ríran. N kò sọ pé ojú ń ṣe wọ́n bàìbàì o. Mo ní wọn kò ríran rárá, òkùnkùn biribiri, ọdún ń gorí ọdún, bẹ́ẹ̀ gbogbo àdúgbò ń wò wọ́n, wọn ò fura.

Bàìbàì náà ló kọ́kọ́ bẹ̀rẹ̀. A dọ́gbọ́n gbéra lọ sí Ṣakí, a ní ìsọmọlórúkọ là ń lọ. Dókítà tanná wo ojú wọn, ó ní èyí tó ti lọ ti lọ, kò ní í padà mọ́. Ó fún wa ní oògùn tí a ó máa kán sí i kí ìyókù má baà yára tẹ̀ lé e. Ìyókù náà tẹ̀ lé e. Nígbà tí à ń bọ̀ nínú ọkọ̀, wọ́n gbá ọwọ́ mi mú. Èmi rò pé ọ̀rọ̀ ojú ni wọ́n fẹ́ sọ, àṣé ọ̀rọ̀ Ìbàdàn ni: "Bí Ràṣídì bá fi lè gbọ́, ó ti gbé mi lọ nìyẹn."

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí Bàbá Ìbàdàn. Èèyàn dáadáa ni wọ́n. Ìyá ọ̀rẹ́ wọn kan ni ojú rẹ̀ fọ́, tó dá nìkan wà nílé, tó lọ ré sí kànga. Láti ọjọ́ náà ni Bàbá Ìbàdàn ti búra pé ọjọ́ tí ojú Màmá àwọn bá ti ní nǹkan kan báyìí, ọjọ́ náà gan-an làwọn máa gbé wọn kúrò ní Ìwéré. Wọ́n ti kọ́ yàrá sílẹ̀ dè wọ́n, wọ́n fi táìlì dídán sílẹ̀ ẹ̀. Ìyá Àgbà ti lọ sùn níbẹ̀ rí. Wọ́n ní yàrá náà dára, àmọ́ ilẹ̀ rẹ̀ kò lóhùn. Wọ́n ní èéfín jẹnẹrétọ̀ dí imú èèyàn pa, kò sì sí ewúrẹ́ kan tó máa sọ fúnni pé àlejò ń bọ̀. Ìgbà tí ojú wá lọ tán pátápátá, wọ́n ní: "Múínà, ní Ìwéré níbí, ojú mi nìkan ló fọ́. Tí wọ́n bá gbé mi dé Ìbàdàn, gbogbo ara mi ló máa fọ́."

Kí ni wọ́n wá ṣe? Wọ́n lọ kọ́ṣẹ́. Lọ́dọ̀ ta ni? Lọ́dọ̀ ewúrẹ́! Ẹ máa rẹ́rìn-ín, èmi náà rẹ́rìn-ín nígbà náà. Ewúrẹ́ wọn kan wà tó ń jẹ́ Lábáké, olójúkòkòrò gbáà, kò sí ẹ̀fọ́ ẹni tí kì í jẹ ládùúgbò. Ìyá Àgbà ti ń sin ewúrẹ́ láti kékeré, àmọ́ ìgbà tí ojú lọ ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í bi ara wọn léèrè pé báwo layé ṣe ń rí lára ẹran yìí gan-an. Wọ́n á ní kí n wò ó, kí n máa ròyìn. Mo ní etí rẹ̀ ọ̀tún kọjú sí títì, tòsì kọjú sílé, bẹ́ẹ̀ ẹnu ń jẹ èèpo ẹ̀gẹ́ lọ ràì. Mo ní dúdú ẹyinjú rẹ̀ kò rí roboto bíi tiwa, ó dùbúlẹ̀ gbọọrọ bí ihò ara kóló. Wọ́n ní ẹ̀n-ẹ́n, ìdí nìyẹn tí ẹnikẹ́ni kò fi lè yọ́ bá a, ó ń rí iwájú, ó ń rí ẹ̀gbẹ́, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ rí ẹ̀yìn. Wọ́n ronú sí i, wọ́n kan sáárá sí Ọlọ́run. "Kò fún èèyàn ní ti ewúrẹ́, kò fún ewúrẹ́ ní ti adìẹ. Ayé ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni kálukú wà, àgbàlá kan náà la kàn jọ ń gbé."

Lábáké yìí bímọ nígbà kan tí Bàbá Ìbàdàn àti ìyàwó wọn, Àǹtí Ìdáyá, wá ṣe Iléyá. Àǹtí Ìdáyá rí ọmọ ewúrẹ́, inú wọn dùn, wọ́n gbé e mọ́ra, wọ́n ń fi ẹ̀rẹ̀kẹ́ ra á lára, "Ó mà dùn-ún wò o!" Lọ́fínńdà tí wọ́n sì fi pa ara lọ́jọ́ náà, à bá pín in yí ìlú ká, yóò kárí. Wọ́n gbé ọmọ sílẹ̀. Lábáké gbóòórùn rẹ̀, ó tún un gbọ́, ó bá kàn án, gbì! Ọmọ yí gbirigbiri. Ó tún dìde lọ bá ìyá rẹ̀, gbì!

Àǹtí Ìdáyá figbe ta: "Màmá, ṣé kò rí i pé ọmọ òun ni?"

Ìyá Àgbà rẹ́rìn-ín títí wọ́n fi jókòó sílẹ̀. "Ó rí ọmọ, àmọ́ Ìdáyá ló gbọ́ òórùn rẹ̀. Ó wá ń bi ara rẹ̀ pé ìgbà wo lòun bí Ìdáyá."

Wọ́n ní kí n fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ nu ọmọ náà. Wọ́n fún wàrà ìyá rẹ̀ sí i lẹ́yìn, wọ́n fi iyọ̀ díẹ̀ ra á. Kó tó di ìrọ̀lẹ́, Lábáké ti ń lá ọmọ rẹ̀ bí ẹni pé ìjà kankan kò ṣẹlẹ̀ rí. Àǹtí Ìdáyá ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ewúrẹ́, Ìyá Àgbà ní kí wọ́n má ṣèyọnu. "Ojú lè ṣi ọmọ mọ̀, ìyàwó mi. Imú kì í ṣì í."

Háà, àmọ́ imú náà máa ń ṣì í nígbà míì o! Àlùfáà àdúgbò wa gbé jàlàbíà wọn wá fún mi kí n bá wọn tún apá rẹ̀ rán. Mo fi í kọ́ sẹ́nu ọ̀nà, mo wọlé lọ mú òwú. Ìgbà tí mo máa fi jáde, Ìyá Àgbà ti kúnlẹ̀ níwájú jàlàbíà. "Àlùfáà, ẹ káàárọ̀. Ẹ jókòó, ẹ jọ̀ọ́. Àwọn ará ilé ń kọ́?" Jàlàbíà kò dáhùn. Wọ́n tún kí i. Kò dáhùn. Inú bí wọn, wọ́n dìde, wọ́n wọlé lọ. Èmi ti dùbúlẹ̀ sábẹ́ máṣíìnì, ẹ̀rín fẹ́ pa mí, n kò lè sọ̀rọ̀. Bí Ìyá Àgbà ṣe di Àlùfáà sínú nìyẹn. Bàbá onítọ̀hún bá fi ọsàn ránṣẹ́, ó wá fúnra rẹ̀, ó ń bẹ̀bẹ̀ ẹ̀ṣẹ̀ tí kò mọ̀. Ìgbà tí mo wá lè ṣàlàyé fún Ìyá Àgbà, wọ́n ní: "Ọsàn náà dùn, a kò ní í dá a padà."

Ológbò ló kọ́ wọn ní ti ìgbálẹ̀. Wọ́n ní kí n wo ológbò bó bá fẹ́ gba inú ihò. Orí ló kọ́kọ́ ń tì bọ ibẹ̀. Bí irun ẹnu rẹ̀ bá kan ọ̀tún tó kan òsì, á fà sẹ́yìn, nítorí ibi tí irun yẹn kò bá gbà, ara kò ní í gbà á. Wọ́n ní irun yẹn kì í ṣe oge, ọwọ́ rẹ̀ ni. Mo ní kí wọ́n jẹ́ n wá ọ̀pá fún wọn tí wọ́n á máa fi tọ ilẹ̀. Wọ́n ní ọ̀pá ló máa tú wọn fó, ìgbálẹ̀ ni kí n bá wọn wá, kó gùn. "Ta ló rí arúgbó tó ń gbálẹ̀ tó pè é ní afọ́jú?"

Ẹ wá wo ìmọ́tótó! Wọ́n gbálẹ̀ dé ìdí kànga, wọ́n gbálẹ̀ dé mọ́ṣáláṣí, wọ́n gbálẹ̀ lọ ra ṣúgà, wọ́n gbálẹ̀ bọ̀. Ìgbálẹ̀ ló ń sọ ibi tí òkúta wà fún wọn, ibi tí gọ́tà wà, àti ibi tí ẹsẹ̀ èèyàn wà. Gbogbo ìlú ń kí wọn kú iṣẹ́. Àfìgbà tí wọ́n gbá a kọjá ààlà láàárọ̀ kùtù ọjọ́ kan, tí wọ́n bọ́ sójúde Ìyá Mọ́dínà, aládùúgbò wa. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé lọ́dọ̀ wa, a kì í jí gbálẹ̀ ojúde ẹlòmíì. Ìyá Mọ́dínà yọjú, ó rí i, ó so ìró mọ́dìí.

"Ìyá Ràṣídì! Kí lẹ ń gbá lójúde mi? Ṣé oríire mi lẹ fẹ́ gbá lọ ni?"

Ìyá Àgbà mi ìbá bẹ̀bẹ̀, ọ̀rọ̀ ìbá tán. Ìyá Àgbà mi kẹ̀? Wọ́n ní: "Ìgbẹ́ ewúrẹ́ ni mo bá níbẹ̀. Bó bá jẹ́ òun loríire ẹ, gbà á." Wọ́n bá yí ìgbálẹ̀ padà, wọ́n gbá gbogbo rẹ̀ dà sẹ́nu ọ̀nà obìnrin náà, wọ́n rọra gbálẹ̀ bọ̀ wálé. Láti ọjọ́ yẹn ni Ìyá Mọ́dínà ti ń ṣọ́ wọn lójú méjèèjì.

Ọ̀rọ̀ bàtà tún wà níbẹ̀. Kò sí Iléyá tí Bàbá Ìbàdàn kì í ra bàtà wá, kò sì sí èyí tí Ìyá Àgbà wọ̀ ju ọjọ́ tí wọ́n rà á lọ. Ẹsẹ̀ lásán ni wọ́n fi ń rìn. Ejò ni wọ́n fi ń ṣe àpẹẹrẹ. Wọ́n ní ta ló rí etí lórí ejò rí, síbẹ̀ kó o tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ó ti lọ, nítorí àyà tó fi lélẹ̀ ló fi ń gbọ́ ìrìn ẹni. Àwọn náà mọ iyẹ̀pẹ̀ ojúde wa yàtọ̀ sí ti ojúde ẹlòmíì, wọ́n mọ ibi tí oòrùn ti kọ́kọ́ ń pa láàárọ̀, wọ́n mọ̀ bí mọ́tò ńlá bá ń bọ̀ kí ìró rẹ̀ tó dé. Mo bẹ̀ wọ́n títí nítorí ẹ̀gún. Wọ́n ní: "Ẹni tó wọ bàtà ti di ẹsẹ̀ rẹ̀ lójú. Ojú mélòó ló kù tí n ó tún máa dì?"

Ìyá Mọ́dínà náà ló padà tẹ Bàbá Ìbàdàn láago. "Àlàájì, ẹ wá wo ojú Màmá yín o, nǹkan kan ń ṣe wọ́n." Ọjọ́ Àìkú kan báyìí, mo wà nídìí máṣíìnì, mo gbójú sókè, mo rí Bàbá Ìbàdàn àti Àǹtí Ìdáyá tí wọ́n ń fẹsẹ̀ rìn bọ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Wọ́n ti gbé mọ́tò sílẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́ṣáláṣí kí Màmá má baà gbọ́ ìró rẹ̀. Bàbá Ìbàdàn fi ìka lé ètè sí mi pé n kò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀. Mo ní ó parí, Ìyá Àgbà ti dèrò Ìbàdàn lónìí.

Ìyá Àgbà ń bẹ ẹ̀gẹ́, Lábáké ń jẹ èèpo rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. Lójijì, Lábáké kò jẹun mọ́. Ìyá Àgbà gbọ́ pé ẹnu rẹ̀ dákẹ́, ọ̀bẹ tiwọn náà dákẹ́. Mo rí i tí ihò imú wọn ń ṣí, tó ń pa dé. Bàbá Ìbàdàn fọwọ́ júwe àga ńlá tí àwọn fúnra wọn máa ń jókòó sí, pé kí ìyàwó lọ jókòó síbẹ̀. Bàbá Ìbàdàn wá lọ dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ òpó.

"Ìdáyá, káàbọ̀," Ìyá Àgbà wí, wọ́n sì ń bẹ ẹ̀gẹ́ wọn lọ. "Ṣé ó rẹ̀ ọ́ tó bẹ́ẹ̀, tí o fi gorí àga ọkọ rẹ, tí ọkọ wá wà lóòró nídìí òpó?"

Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ hó yèè! Lọ́fínńdà Àǹtí Ìdáyá wà lórí àga, òróró olóòórùn tí Bàbá Ìbàdàn rà bọ̀ láti Mẹ́kà wà nídìí òpó, àga náà sì ti ké. Àmọ́ Bàbá Ìbàdàn kì í ṣe ọmọdé. Wọ́n yọ fóònù. "Màmá, ẹ wo àwòrán ọmọ tuntun tí ọmọ wa bí." Fóònù kò lóòórùn, kò lóhùn, kò sì sí ewúrẹ́ tó mọ ohun tó wà nínú rẹ̀. Ìyá Àgbà gbà á. Wọ́n yí i síbí, wọ́n yí i sọ́hùn-ún, wọ́n gbé e símú, wọ́n dá a padà.

"Ràṣídì, dígí lo gbé fún mi. Ọmọ tí n kò gbóòórùn àtàrí ẹ̀, n kò tíì rí i nìyẹn. Ẹ lọ gbé e wá kí n rí i." Àǹtí Ìdáyá bú sẹ́rìn-ín, wọ́n ní òótọ́ ni Màmá sọ.

Ìyá Àgbà bá dìde. Wọ́n ní kí gbogbo wa lọ sóko ká bá àwọn ru ẹ̀gẹ́ tó kù. Wọ́n gbá Lábáké ní ìdí, ẹran náà mọ̀ pé oúnjẹ wà lọ́hùn-ún, ó ki eré mọ́lẹ̀. Ìyá Àgbà tẹ̀ lé e tòun ti ìgbálẹ̀. Bí pátákò Lábáké bá ró kọ́kọ́kọ́, wọ́n mọ̀ pé àpáta ló kàn. Bí kò bá ró mọ́, wọ́n mọ̀ pé ilẹ̀ ni. Wọ́n ń wúkọ́ díẹ̀díẹ̀ lọ, wọ́n ń fi ìró rẹ̀ gbọ́ ibi tí igi káṣú dí ọ̀nà, wọ́n ti sọ fún mi rí pé ọgbọ́n àdán nìyẹn. Àwa ń sáré tẹ̀ lé wọn. Bí a ṣe gun àpáta tí àwọn obìnrin ń sá pákí sí, tí láfún kún ilẹ̀ ẹ̀ wúlúwúlú, bàtà dídán Bàbá Ìbàdàn yọ̀. Gbàlà! Wọ́n tẹ́ gbalaja sínú láfún, agbádá, fìlà, irùngbọ̀n, gbogbo rẹ̀ funfun báláú.

Ìyá Àgbà dúró. Wọ́n yíjú sẹ́yìn, wọ́n fohùn àánú sọ̀rọ̀: "Ràṣídì, ọmọ mi, ṣé o ò ríran ni?"

Áà! Mo rẹ́rìn-ín, Àǹtí Ìdáyá rẹ́rìn-ín, Bàbá Ìbàdàn fúnra wọn rẹ́rìn-ín láàárín láfún. Ẹnikẹ́ni kò dárúkọ Ìbàdàn mọ́. Ìgbà tí a dé láti oko, wọ́n gbé mọ́tò wá sójúde, a kó ẹ̀gẹ́ sí i, Ìyá Àgbà dúró láti sìn wọ́n. Èmi lọ so Lábáké mọ́lẹ̀ lẹ́yìnkùlé, mo sì jó fún un níbẹ̀ dáadáa.

Ó pẹ́ lẹ́yìn náà kí Ìyá Àgbà tó kú. Ilé wọn ni wọ́n kú sí, lórí ẹní tiwọn, ní ìrọ̀lẹ́ tí ewúrẹ́ ń wọlé bọ̀. Inú mi bàjẹ́, n kò ní í purọ́, ilé náà tóbi jù fún mi. Lọ́jọ́ tí a ṣàdúà ọjọ́ kẹjọ, tí èrò túká, ó ku èmi àti Bàbá Ìbàdàn nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀. Mo fẹ́ pa wọ́n lẹ́rìn-ín. Mo ní, "Bàbá, ọjọ́ tí ẹ ṣubú sínú láfún yẹn, Ìyá Àgbà kò ríran o."

"Mo mọ̀," wọ́n wí.

Mo ní báwo. Wọ́n ní, "Ìdí mọ́tò ni. Mo ti ṣáná sí i, ariwo rẹ̀ gba gbogbo ibẹ̀, èéfín bo Màmá. Mo ti ṣílẹ̀kùn láti wọlé, mo wá padà lọ ti búùtù. Bí mo ṣe yíjú, mo rí Màmá tí wọ́n na ọwọ́ sí ìjókòó tí kò sẹ́ni níbẹ̀, tí wọ́n ń ṣàdúà fún mi. 'Ràṣídì, o kò ní í fẹsẹ̀ kọ. Ràṣídì, ọmọ rẹ á sin ọ́.' Ìdáyá fẹ́ sọ̀rọ̀, mo fọwọ́ bò ó lẹ́nu. Bí mo bá fi lè dáhùn láti ẹ̀yìn mọ́tò, wọ́n á mọ̀ pé mo ti rí i pé wọn kò ríran, n kò sì ní lè fi wọ́n sílẹ̀ ní Ìwéré mọ́. Mo bọ́ bàtà mi sílẹ̀ lẹ́yìn mọ́tò, mo yọ́ lọ, mo rọra wọ inú ìjókòó náà, mo gbé orí mi sábẹ́ ọwọ́ wọn. Mo ní, 'Àmín, Màmá.' Mo wakọ̀ dé Òkèhò kí n tó rántí pé mo gbàgbé bàtà sílẹ̀."

Ojú wọn pọ́n. Wọ́n ní ohun kan tó tu àwọn nínú ni pé Màmá kò mọ̀ títí wọ́n fi lọ.

Ó wá di dandan kí n sọ tèmi. Mo ti rí bàtà yẹn. Ní ọjọ́ náà, bí mọ́tò ṣe lọ, tí mo jáde láti ẹ̀yìnkùlé, mo bá Ìyá Àgbà lórí àkéte ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n gbé bàtà ọkùnrin méjì lé itan. Wọ́n gbé ọ̀kan símú, wọ́n gbé e sílẹ̀, wọ́n tún gbé e. Mo ní ṣé Bàbá Ìbàdàn ti gbàgbé bàtà ni. Wọ́n ń fi ọwọ́ nu láfún kúrò lára rẹ̀, wọ́n ń rẹ́rìn-ín músẹ́, wọ́n ń mi orí. Èmi rò pé ìṣubú orí àpáta ni wọ́n ṣì ń rántí.

"Ràṣídì ríran o, Múínà," wọ́n wí. "Ọmọ mi ríran dáadáa."